Ewúrẹ́ Nìkan Ni Bàbá Àgbà Kọ

Bàbá àgbà mi ti kọ ètò ìsìnkú ara wọn sílẹ̀ kí ikú tó kanlẹ̀kùn. Ẹ̀yìn àpòòwé kan ni wọ́n kọ ọ́ sí, pẹ̀lú bírò pupa, bí wọ́n ṣe máa ń kọ ohun gbogbo:

ÌRAN KÌÍNÍ. INÚ ṢỌ́Ọ̀ṢÌ. Ọ̀SÁN. Wọ́n gbé òkú wọlé. Fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ọdún mẹ́rìnlélọ́gọ́rin, òkú náà kò dá ẹnikẹ́ni lóhùn.

ÌRAN KEJÌ. Pásítọ̀ ń wàásù. A ti gé ìran yìí kúrò.

ÌRAN KẸTA. Kọmití dìde, ó ka ìwé. Otto gba orúkọ rẹ̀ padà. Gbogbo èèyàn lọ jẹun.

Èmi ni Kọmití yẹn. Mojísọ́lá ni orúkọ tí àwọn òbí mi sọ mí, ṣùgbọ́n láti ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mo ti ń bá Bàbá àgbà tẹ lẹ́tà sórí kọ̀ǹpútà, ibẹ̀ ni orúkọ mi ti yí padà. Mo sọ fún wọn lọ́jọ́ kan pé, "Bàbá àgbà, ẹ ò lè sọ báyìí fún láńlọ́ọ̀dù o." Wọ́n wò mí láti orí dé àtẹ́lẹsẹ̀. Wọ́n ní, "Háà! Mo sá fún kọmití ní Jámánì, mo tún wá bá a ní Castle Hill, nínú Bronx." Ó tán. Orúkọ lẹ̀ mọ́ mi bí èèmọ́ ṣe ń lẹ̀ mọ́ aṣọ.

Mi ò ní ka ìtàn ìgbésí ayé wọn fún yín. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ọjọ́ ìbí àti orúkọ ilé ìwé, kó lọ wo ìwé ètò ìsìnkú. Màmá mi ti tẹ̀ ẹ́ jáde pẹ̀lú fọ́tò mẹ́rìndínlógún. Ìwọ̀nba tó yẹ kẹ́ ẹ mọ̀ nìyí. Bàbá tó bí màmá mi ni wọ́n, ọmọ Ìkirun, ọmọ òṣìṣẹ́ réluwéè. Nígbà ọ̀dọ́ wọn, wọ́n rí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ gbà lọ sí Jámánì. Ti ìlà oòrùn ni o, nígbà tí ògiri ṣì pín ìlú náà sí méjì, tí ẹgbẹ́ kan ṣoṣo ń ṣèjọba níbẹ̀, tí èèyàn kì í sì í fi olórí ìlú ṣẹ̀fẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Ibẹ̀ ni wọ́n ti kọ́ bí a ṣe ń kọ eré sinimá, ilé iṣẹ́ sinimá ìjọba sì gbà wọ́n síṣẹ́. Ọdún mélòó kan ni wọ́n fi ń kọ eré níbẹ̀ kí ìjọba tó lé wọn wálé. Wọ́n wá di tíṣà ní Òṣogbo. Nígbà tí màmá àgbà kú, màmá mi lọ mú wọn wá sọ́dọ̀ wa ní Bronx.

Nínú gbogbo èyí, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló ká màmá mi lára. Eré kan wà tó ń jẹ́ Ọkọ̀ Aago Mẹ́ta, orúkọ Bàbá àgbà ló sì wà níwájú rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹni tó kọ ọ́. Àwọn òyìnbó tó ń kọ́ni ní ìmọ̀ sinimá ń gbé e gẹ̀gẹ̀ báyìí. Nọ́ọ̀sì ni màmá mi. Kò sí aláìsàn kan lọ́wọ́ wọn tí kò mọ̀ pé bàbá nọ́ọ̀sì òun ló kọ Ọkọ̀ Aago Mẹ́ta. Kí wọ́n tó gún yín lábẹ́rẹ́, ẹ máa gbọ́ ọ.

Wàhálà ibẹ̀ ni pé Bàbá àgbà kọ́ ló kọ ọ́. Wọ́n sọ ọ́ fún mi, èmi nìkan, wọ́n sì ní dandan kí n kà á sétí ìjọ lọ́jọ́ tí a bá ń sin wọ́n. Àwọn ọmọ ọlọ́mọ ń jogún ilẹ̀, ọmọ ọlọ́mọ ń jogún ilé. Èmi jogún ìjà pẹ̀lú màmá mi.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ sọ ti ẹ̀rọ omi. Bàbá àgbà kì í sọ̀rọ̀ àṣírí láìjẹ́ pé omi ń ṣàn. Ní Jámánì ìgbà yẹn, àwọn ọlọ́pàá abẹ́lẹ̀ máa ń ki ẹ̀rọ agbọ́rọ̀ bọ inú ògiri ilé onílé, ariwo omi ló sì máa ń da ọ̀rọ̀ rú mọ́ wọn létí. A ti dé New York, àwọn ọlọ́pàá yẹn ti lọ, ìjọba tó rán wọn níṣẹ́ gan-an ti di ìtàn, síbẹ̀ tí Bàbá àgbà bá fẹ́ sọ fún mi pé ẹran inú fìríìjì ti dín ẹyọ kan, wọ́n á kọ́kọ́ lọ ṣí omi. Tí mo bá ti gbọ́ ṣààà ní kíṣìnì, mo mọ̀ pé òfófó ti délé nìyẹn. Màmá mi á pariwo láti yàrá, "Dádì! Ta lẹ tún ń sọ̀rọ̀ rẹ̀?" Bàbá àgbà á dáhùn jẹ́jẹ́, "Mò ń fọ ife ni." Wọn ò fọ ife kankan rí láyé wọn.

Lẹ́tà wọn wá ńkọ́? Ọdún kan wà tí hítà ilé wa kú láàárín òtútù. Gbogbo ará ilé kọ lẹ́tà sí ọ́fíìsì láńlọ́ọ̀dù, kò sẹ́ni tó dá wọn lóhùn. Bàbá àgbà ní kí n jókòó. Wọ́n ní ẹni tó bá dákẹ́, tara ẹ̀ á bá a dákẹ́. Mo tẹ̀ ẹ́ pé hítà ò ṣiṣẹ́, pé a ń wọ kóòtù sùn. Ó dáa. Wọ́n tún ní kí n fi kún un pé àwọn ń béèrè kápẹ́ẹ̀tì pupa láti ẹnu ọ̀nà títí dé inú ẹ̀rọ agbéniròkè, àti pé kí súpà, ìyẹn ọ̀gbẹ́ni tó ń mójú tó ilé wa, máa wá kí àwọn láràárọ̀, kó sì ṣí fìlà. Mo gbọ́wọ́ kúrò lórí kọ̀ǹpútà.

"Bàbá àgbà, wọ́n á ní orí yín ti yí."

"Tẹ̀ ẹ́ síbẹ̀, Kọmití."

Lọ́sẹ̀ kejì, èsì dé. Ó dun ọ́fíìsì gan-an pé kápẹ́ẹ̀tì pupa ò ní ṣeé ṣe. Súpà ò sì ní lè máa wá kí ẹnikẹ́ni. Àmọ́ ti hítà, ẹni tó máa tún un ṣe ń bọ̀ ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Bàbá àgbà ka lẹ́tà náà lẹ́ẹ̀mejì, wọ́n rọra ká a, wọ́n fi sápò. Wọ́n ní, "Ẹni tó bá wà nípò gbọ́dọ̀ gé nǹkan kúrò nínú ọ̀rọ̀ rẹ, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ kò ní rí oorun sùn. Fún un ní ewúrẹ́ kó pa, á fi ilé rẹ sílẹ̀."

Ewúrẹ́ ni wọ́n ń pe ọgbọ́n yìí. Ọ̀rẹ́ wọn tó ń jẹ́ Otto ló kọ́ wọn ní Jámánì, mo ń bọ̀ lórí ti Otto. Kò sí eré tí wọ́n lè yà níbẹ̀ láìjẹ́ pé ìgbìmọ̀ ìjọba, kọmití tí Bàbá àgbà ní àwọn sá fún, kà á. Nítorí náà, òǹkọ̀wé tó gbọ́n á ki nǹkan kan bọ inú ìwé, nǹkan tó sanra, tó ya wèrè, tí ojú ìgbìmọ̀ á lọ síbẹ̀ tààrà. Wọ́n á pa á, wọ́n á nu ọ̀bẹ, wọ́n á lọ jẹun. Ohun tí òǹkọ̀wé fẹ́ gan-an á wà níbi tó wà.

Èmi náà kọ́ ọ. Nígbà tí mo wà lọ́mọ ọdún mẹ́rìndínlógún, mo fẹ́ bá àwọn ọmọ kíláàsì mi rìnrìn àjò ọjọ́ mẹ́ta lọ sí Washington. Mo wọlé, mo kọ́kọ́ sọ fún màmá mi pé mo fẹ́ lu imú. Yéè! Wọ́n sọ̀rọ̀ imú, wọ́n sọ̀rọ̀ imú, wọ́n pe àwọn ẹ̀gbọ́n wọn ní Nàìjíríà lórí ọ̀rọ̀ imú. Nígbà tó rẹ̀ wọ́n, mo gbé ìwé ìrìn àjò síwájú wọn, wọ́n buwọ́ lù ú láìwò ó. Bàbá àgbà ń wò mí láti orí àga wọn, inú wọn dùn bíi pé mo gba dìgírì. Mo rò pé màmá mi ò mọ̀ rárá.

Pásítọ̀ wa náà rí tirẹ̀ he. Bàbá àgbà máa ń kọ nǹkan sílẹ̀ nígbà ìwàásù, inú Pásítọ̀ sì máa ń dùn, á nàka sí wọn látorí pẹpẹ: "Ẹ wo àgbà tó nífẹ̀ẹ́ ọ̀rọ̀ Ọlọ́run." Lọ́jọ́ Àìkú kan, Bàbá àgbà ká ìwé náà lé Pásítọ̀ lọ́wọ́ lẹ́nu ọ̀nà. Mo mọ ohun tó wà níbẹ̀, torí èmi ni mo ti bá wọn tẹ̀ ẹ́ nílé. "Ìran kẹta àti ìran karùn-ún, ọ̀kan náà ni wọ́n. Ọmọ onínàákúnàá ti pẹ́ jù lọ́dọ̀ àwọn ẹlẹ́dẹ̀. Sátánì ló ń sọ gbogbo ọ̀rọ̀ tó dùn. Ẹ gba díẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ fún Jésù." Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko ni Pásítọ̀ ò fi kí wọn. Lọ́sẹ̀ kẹrin, a jáde ní ogún ìṣẹ́jú ṣáájú àkókò, àwọn ìyá tó gbé ẹ̀wà kaná nílé wá kúnlẹ̀ fún Bàbá àgbà tán, ó ku kí wọ́n yí gbirigbiri.

Ẹ máa bi mí pé ṣé báyìí ni wọ́n ṣe ń là á mọ́ gbogbo èèyàn lójú? Rárá o. Mọ́ínmọ́ín màmá mi wà níbẹ̀. Sátidé, Sátidé ni màmá mi máa ń sè é, inú agolo kékeré, ó sì máa ń le bíi bíríkì, kí Ọlọ́run dárí jì mí. Bàbá àgbà á gba méjì. Wọ́n á ní, "O ṣé, Ìyá Mojí, ọwọ́ rẹ ò ní rọ." Wọ́n á gbé e wọ yàrá, wọ́n á ṣí fèrèsé, wọ́n á já a wẹ́wẹ́ fún ẹyẹlé. Àwọn ẹyẹlé Castle Hill mọ Sátidé ju kàlẹ́ńdà lọ. Mo bi wọ́n pé kí ló dé tí wọn ò sọ òtítọ́. Wọ́n ń gbọn èérún ọwọ́ wọn síta. Wọ́n ní, "Òtítọ́ tí kò ní gba ẹnikẹ́ni là, kí ló ń yára lọ ṣe?"

Ó yá, ó kan Otto.

"Ó" ni mo máa fi pe Otto, ẹ má bá mi wí. Ó ju Bàbá àgbà lọ lọ́jọ́ orí, àmọ́ Bàbá àgbà ní kò fẹ́ kí wọ́n máa tẹrí ba fún òun, torí àwọn tí gbogbo ìlú ń tẹrí ba fún ló ba ayé rẹ̀ jẹ́. Otto Lindenkorb ni orúkọ rẹ̀ ní kíkún. Òǹkọ̀wé ni ní ilé iṣẹ́ sinimá yẹn kí Bàbá àgbà tó débẹ̀. Ó kọ eré kan tí alága kan ti ń sùn níbi ìpàdé, alága náà sì jọ ẹnì kan tí kò yẹ kó jọ. Ìjọba jó fíìmù náà, wọ́n ní Otto ò gbọdọ̀ kọ nǹkan kan mọ́ láyé, wọ́n gbé ṣọ́bìrì lé e lọ́wọ́. Ó wá ń da èédú sí iná tó ń mú ilé gbóná, ilé tí Bàbá àgbà gba yàrá sí gan-an. Bí wọ́n ṣe mọra nìyẹn.

Otto ò jáwọ́ nínú ìwé kíkọ. Ẹ̀gbẹ́ iná yẹn ló ti kọ Ọkọ̀ Aago Mẹ́ta. Ìtàn ọ̀gá ibùdókọ̀ ojú irin kan ni, ní abúlé kan. Ìjọba ti dá ọkọ̀ ibẹ̀ dúró, wọn ò sọ fún un, ẹ̀rù sì ń bà á láti béèrè. Lójoojúmọ́, ní aago mẹ́ta, á wọ aṣọ iṣẹ́, á dúró déédéé, á máa retí ọkọ̀ tí kò ní dé mọ́ láéláé. Otto gbé e fún Bàbá àgbà. Ó ní, "Fi orúkọ rẹ sí i. Wọn ò lè ṣe ọ́ bí wọ́n ṣe ṣe mí. Ìwọ ni àlejò tí wọ́n fi ń ya fọ́tò." Òótọ́ ni. Àlejò ńlá kì í dé ilé iṣẹ́ yẹn kí wọ́n má pe Bàbá àgbà síwájú: ẹ wo arákùnrin wa láti Áfíríkà tó ń bá wa kọ eré.

Bàbá àgbà fi orúkọ wọn sí i. Wọ́n wá fi ewúrẹ́ kan kún un, ewúrẹ́ gidi, ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́rin. Láti kékeré wọn ní Ìkirun, wọn ò rí ibùdókọ̀ ojú irin tí ewúrẹ́ ò sí rí. Wọ́n rò pé bó ṣe rí káàkiri ayé nìyẹn. Ewúrẹ́ yìí wọ ọ́fíìsì ọ̀gá ibùdókọ̀, ó fa fọ́tò olórí ìlú já lára ògiri, ó sì jẹ ẹ́ tán, ó ti etí bẹ̀rẹ̀. Ọ̀gá ibùdókọ̀ ń wò ó. Kò lé e, torí kò sí òfin kankan tó sọ ohun tí èèyàn máa ṣe. Otto kà á, ó rẹ́rìn-ín títí èédú fi wọ̀ ọ́ lójú. Ó ní ewúrẹ́ yìí sanra dáadáa, ìgbìmọ̀ á pa á, wọ́n á fi ìyókù sílẹ̀.

Ìgbìmọ̀ jókòó, èèyàn méje. Bàbá àgbà máa ń ṣe ohùn méjèèje fún mi nídìí tábìlì, pẹ̀lú omi tó ń ṣàn. Ìgbìmọ̀ ń ṣí ìwé lọ, wọ́n kan ewúrẹ́. Ọ̀kan wúkọ́: "Ọ̀gbẹ́ni, ewúrẹ́ yìí..." Obìnrin kan fọwọ́ kàn án lápá: "Ẹ rọra o. Ó lè jẹ́ àṣà wọn." Gbogbo wọn mi orí. Alága wá fi ọ̀wọ̀ béèrè bóyá lọ́dọ̀ àwọn èèyàn wa, tí ewúrẹ́ bá jẹ fọ́tò olórí, ṣé àmì iyì ni. Bàbá àgbà ló gbé ẹran yìí wá fún wọn láti pa. Tí Bàbá àgbà bá ní rárá, kí ló wá dé tí wọ́n kọ ọ́? Wọ́n ní, "Lọ́dọ̀ wa, ewúrẹ́ kì í jẹ ohun tí kò níyì." Ìgbìmọ̀ kọ ọ́ sílẹ̀. Ewúrẹ́ yè. Wọ́n wá gé ìran tí ọ̀gá ibùdókọ̀ ti ń mu kọfí, torí kọfí wọ́n lọ́dún yẹn.

Ọjọ́ mẹ́sàn-án ni wọ́n fi eré náà hàn. Àwọn èèyàn ń rẹ́rìn-ín ewúrẹ́ títí omi fi ń bọ́ lójú wọn. Lọ́jọ́ kẹwàá, ọ̀gá ìjọba kan tí kò sẹ́ni tó ṣàlàyé àṣà fún lọ wò ó. Ọ̀rọ̀ yí bírí. Fíìmù wọ àpótí, àwọn ọlọ́pàá abẹ́lẹ̀ sì mú Bàbá àgbà wọ yàrá kan tí kò ní fèrèsé. Wọ́n ní èdè Jámánì inú ìwé yìí dán ju ti àlejò lọ, ta ló kọ ọ́? Bàbá àgbà ní, "Èmi ni." Wọ́n ní ẹ̀wọ̀n wà ńbẹ̀. "Èmi ni." Ọjọ́ mẹ́ta, ìbéèrè kan, èsì kan. Ní ìgbẹ̀yìn, ojú tì wọ́n láti ju àlejò inú fọ́tò sẹ́wọ̀n, wọ́n gbé wọn sínú ọkọ̀ òfurufú. Otto ń da èédú lọ nísàlẹ̀ ilé. Ibẹ̀ ló kú sí, kí ògiri tó wó. Kò fẹ́yàwó, kò bímọ.

Bàbá àgbà rò pé wọ́n ti jó Ọkọ̀ Aago Mẹ́ta náà. Ìgbà tí lẹ́tà dé láti yunifásítì kan lọ́dún mẹ́rin sẹ́yìn la gbọ́ pé ó ṣì wà. Màmá mi ló kọ́kọ́ ṣí lẹ́tà náà. Kí Bàbá àgbà tó jáde nílé ìwẹ̀, màmá mi ti pe èèyàn mọ́kànlá lórí fóònù. Ibi tí Bàbá àgbà ti há nìyẹn.

Lọ́dún tó kọjá, ilé sinimá kékeré kan ní Manhattan fi eré náà hàn, wọ́n sì ní kí Bàbá àgbà wá sọ̀rọ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Màmá mi gba bọ́ọ̀sì ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n kó gbogbo ìyá inú kúáyà wá. Àwọn ìyá sùn fọnfọn títí ewúrẹ́ fi wọlé. Wọ́n jí lẹ́ẹ̀kan náà. "Ẹ wò ó! Ewúrẹ́ tiwa ni!" Nígbà tí iná tàn, Bàbá àgbà dìde pẹ̀lú ìwé lọ́wọ́. Wọ́n wo màmá mi ní ìlà iwájú, tí wọ́n gbé fóònù sókè, tí omijé ti gba gbogbo ojú wọn. Bàbá àgbà ká ìwé náà padà sápò. Wọ́n ní, "Ewúrẹ́ nìkan ni mo kọ."

Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. Àwọn òyìnbó dìde, wọ́n ń pàtẹ́wọ́, wọ́n ní irú ìrẹ̀lẹ̀ wo nìyí. Màmá mi fẹ́rẹ̀ẹ́ fò.

Bàbá àgbà kọ̀ láti wọ bọ́ọ̀sì, wọ́n ní èmi àti àwọn la jọ máa wọ ọkọ̀ abẹ́ ilẹ̀. Kò sí ẹ̀rọ omi níbẹ̀, àmọ́ ariwo ọkọ̀ náà tó. Láti ibẹ̀ dé Castle Hill ni wọ́n fi sọ ìyókù fún mi. Wọ́n ní, "Kọmití, mo sọ òtítọ́, wọ́n pàtẹ́wọ́." Wọ́n ní ọmọ kan ṣoṣo tí Otto bí láyé ni eré yẹn, àwọn ni wọ́n sì ń fi ṣe bàbá rẹ̀. Wọ́n ní, "Nígbà tó jẹ́ ẹ̀wọ̀n, mo ní tèmi ni. Ṣé ìgbà tó wá di àkàrà ni kí n máa dá a jẹ?" Mo rán wọn létí ohun tí wọ́n sọ nípa òtítọ́ tí kò ní gba ẹnikẹ́ni là. Mo ní ta ni èyí máa gbà là? Wọ́n ní, "Otto." Wọ́n ní kí n kà á nígbà tí àwọn bá kú, torí nígbà yẹn àwọn ò ní rí ojú ìyá mi.

Wọ́n kú ní ọ̀sán Sátidé kan, lórí àga wọn. Mọ́ínmọ́ín méjì wà nínú àwo lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, ẹyẹlé sì ń sọ gíláàsì fèrèsé. Mo sunkún, mo sì ń rẹ́rìn-ín, mi ò mọ èwo ni mò ń ṣe.

Màmá mi ní kí n kọ ìwé ìrántí tí a máa kà ní ṣọ́ọ̀ṣì, àmọ́ àwọn máa kọ́kọ́ kà á o. "Fi Ọkọ̀ Aago Mẹ́ta sókè pátápátá. Orúkọ rere sàn ju wúrà àti fàdákà lọ." Mo kọ ọ́ fún ọjọ́ méjì. Mo kọ òtítọ́ sáàárín, gbogbo ti Otto. Mo mọ màmá mi. Tí wọ́n bá fi bírò kan ibẹ̀, ó parí. Ni mo bá wá ewúrẹ́. Ní ìlà tó kẹ́yìn, mo kọ ọ́ gàdàgbà pé mọ́ínmọ́ín Ìyá Mojí, ẹyẹlé ni Bàbá àgbà fi ń bọ́ fún ọdún méjìlélógún.

Màmá mi jókòó sí tábìlì kíṣìnì pẹ̀lú bírò pupa bàbá wọn. Wọ́n kà á láti òkè. Wọ́n dé ibi ti Otto, wọ́n dúró níbẹ̀ pẹ́ ju bó ti yẹ lọ. Wọ́n ṣí ojú ìwé. Wọ́n dé ìsàlẹ̀.

"Mojísọ́lá!"

"Ẹ̀n, mà."

"Kí lo kọ síbí?"

"Ẹ̀... Mọ́mì, ẹ lè yọ ìyẹn tẹ́ ẹ bá fẹ́."

Wọ́n fa ìlà gbọọrọ lórí mọ́ínmọ́ín. Wọ́n gbé bírò sílẹ̀, wọ́n wò mí bí bàbá wọn ṣe máa ń wò mí. "Mo ti pa ewúrẹ́ rẹ. Ṣé o rò pé ìwọ nìkan ni wọ́n kọ́? Nígbà tó o fẹ́ lọ sí Washington, ìwọ ló wá sọ fún mi pé o fẹ́ lu imú. Ìwọ tí o ń sá fún abẹ́rẹ́!"

Mo ní ti Otto wá ńkọ́?

"Mo mọ̀ láti ọjọ́ tí a wò ó. Ọ̀gá ibùdókọ̀ yẹn ò sọ tó ọ̀rọ̀ mẹ́wàá. Ìgbà wo ni Dádì mọ bí wọ́n ṣe ń kọ ẹni tó dákẹ́?" Wọ́n rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà sì di ẹkún. "Mo kàn fẹ́ kí wọ́n pàtẹ́wọ́ fún bàbá mi ni, Mojí. Wọ́n lé wọn ní Jámánì, wọ́n gbàgbé wọn nílé, bàbá mi wá jókòó ti hítà ní Bronx. Mo fẹ́ kí wọ́n ní nǹkan kan."

Wọ́n tún gbé bírò. Mo rò pé Otto ló kàn. Ìlà kan ṣoṣo ni wọ́n fi kún un.

Lọ́jọ́ ìsìnkú, Pásítọ̀ wàásù ìṣẹ́jú mẹ́jọ péré, ó sì wo pósí bí ẹni tó ń retí máàkì. Kọmití dìde, mo ka ìwé. Ahọ́n ọmọ tí wọ́n bí síbí ni ahọ́n mi, mo sì mọ̀ pé mò ń tẹ ohùn pẹlẹbẹ, ṣùgbọ́n mo rọra pe orúkọ náà kó má sí ẹni tó máa ní òun ò gbọ́. "Otto Lindenkorb ló kọ Ọkọ̀ Aago Mẹ́ta." Mo wá ka ìlà tí màmá mi fi kún un: "Ewúrẹ́ inú rẹ̀ ni ti bàbá mi."

Ìyá kan láti inú kúáyà ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. "Ewúrẹ́ yẹn náà ló kúkú jí wa!" Ẹ̀rín ta. Màmá mi dìde ní ìlà iwájú, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í pàtẹ́wọ́, gbogbo ìjọ sì bá wọn pa á. Lọ́tẹ̀ yìí, wọ́n mọ ohun tí wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún.

Lọ́jọ́ Sátidé tó tẹ̀ lé e, mo dé ilé màmá mi, òórùn mọ́ínmọ́ín ti gba gbogbo ilé. Wọ́n ti sè é bí wọ́n ṣe ń sè é. Mo bá wọn nídìí fèrèsé Bàbá àgbà, wọ́n ń já a wẹ́wẹ́, àwọn ẹyẹlé sì ti tò síbẹ̀. Wọn ò bínú. Wọ́n pàtẹ́wọ́ gbọn èérún síta, wọ́n rìn lọ sí kíṣìnì, wọ́n ṣí ẹ̀rọ omi dáadáa, wọ́n wá fi ọwọ́ pè mí kí n sún mọ́ wọn.

Wọ́n ní, "Èmi náà ò fẹ́ràn mọ́ínmọ́ín yẹn rí. Torí Dádì ni mo ṣe ń sè é."